Síkẹ́ẹ̀tì Olójé

Ẹni tó bá sọ pé síkẹ́ẹ̀tì tó fẹ̀ nísàlẹ̀ ni aṣọ tó rọrùn jù lọ fún ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ ìránṣọ, irọ́ ló pa, tàbí kó jẹ́ pé orí ilẹ̀ gbígbẹ ni wọ́n bí i sí. Orí omi ni wọ́n bí èmi sí. Mo máa ń gbọ́ ọ lẹ́nu àwọn ọ̀dọ́bìnrin tó ń kọ́ ara wọn ní iṣẹ́ abẹ́rẹ́ nílé. Wọ́n á ní kò ju kí o ya aṣọ sí méjì, kí o so ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ pọ̀, kí o kó ẹnu rẹ̀ jọ, kí o rán ọ̀já mọ́ ìbàdí, kí o ṣẹ́ etí ìsàlẹ̀, ó parí. Wọ́n á máa rẹ́rìn-ín bí wọ́n ti ń sọ ọ́. Kì í parí síbẹ̀, èmi ni kí ẹ bi.

Ilé wa wà lórí òpó, bíi gbogbo ilé tó kù ní abúlé wa, omi sì ń kọjá nísàlẹ̀ rẹ̀ tọ̀sán tòru. Afárá pákó ni a fi ń lọ láti ilé dé ilé, láti ilé dé ọjà, láti ọjà dé ṣọ́ọ̀ṣì àti ilé ẹ̀kọ́ tó wà lẹ́yìn rẹ̀. Bí o bá ń rìn lórí afárá, ọkọ̀ ń kọjá lábẹ́ rẹ. Ẹni tó jókòó sínú ọkọ̀ náà, òkè ló ń wò. Ìdí nìyí tí àwọn obìnrin wa fi ń ró ìró wọn kí ó le pinpin mọ́ itan, tí wọ́n sì ń fi ọwọ́ kan di etí rẹ̀ mú bí afẹ́fẹ́ òkun bá dé. Obìnrin tí afẹ́fẹ́ bá tú ìró rẹ̀ lórí afárá, àwọn apẹja á ti ròyìn rẹ̀ dé Ugbonla kí ọjọ́ ọjà tó pé. Mo mọ ọ̀kan tó bá bẹ́ẹ̀ pàdé. Kò gba orí afárá mọ́ títí ó fi kú. Ọkọ̀ ló fi ń lọ ibi gbogbo, títí kan ilé tó kángun sí tirẹ̀.

Ìyàwó méjì ni bàbá mi ní. Ìyá mi ni ìkejì. Èkíní, ìyáálé ìyá mi, ni obìnrin tí mo kórìíra jù lọ nígbà èwe mi, mi ò sì ní fi ọ̀rọ̀ dídùn bò ó torí pé ó ti lọ sí ọ̀run. Ó ga, ó dúdú, ẹsẹ̀ rẹ̀ kan wú tí kì í fẹ́ rìn púpọ̀, ṣùgbọ́n ẹnu rẹ̀ ń rìn fún ẹsẹ̀ náà. Àwọn ọmọkùnrin rẹ̀ ń bá bàbá mi lọ sí òkun, nítorí náà òun ló ni ilé. Kò pe orúkọ mi rí. "Ọma yẹn" ni ó ń pè mí, bó tilẹ̀ jẹ́ pé iwájú rẹ̀ ni mo dúró sí. Bí ìyá mi bá ń fọ ìkòkò, á mú orin sẹ́nu, orin tí kò dárúkọ ẹnikẹ́ni, ṣùgbọ́n tí gbogbo ilé mọ ẹni tó ń bá wí: obìnrin tó wá sí ilé ọkọ, tó bí, tó bí, tí kò rí ju ẹnì kan ṣoṣo gbé sẹ́yìn.

Ọ̀rọ̀ yẹn dun ìyá mi dé egungun. Àwọn tó bí ṣáájú mi kò dúró, kò sì sí ẹni tó tẹ̀lé mi. Á kàn fà mí mọ́ra, á ní, "Jẹ́ kí ó máa sọ. Mo ní ìwọ." Gbogbo ìgbà ló ń sọ ọ́, mo sì fẹ́ràn láti máa gbọ́ ọ. Nígbà náà mo rò pé kò sí ohun mìíràn nínú ọ̀rọ̀ náà ju ìfẹ́ lọ.

Ogun àwọn òyìnbó ṣẹ̀ṣẹ̀ parí nígbà yẹn, aṣọ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń padà dé orí omi. Wọ́n ń gbé tíṣà wa kúrò lọ sí Òkìtìpupa, ìyàwó rẹ̀ sì fẹ́ mú ọmọbìnrin kan dání, kí ó máa bá a gbé, kí ó sì wọ ilé ẹ̀kọ́ àwọn ọmọbìnrin tó wà níbẹ̀. Èmi ló fẹ́ mú, nítorí mo mọ ìṣirò ju àwọn ọmọkùnrin tí a jọ wà ní kíláàsì lọ, mi ò sì tijú láti wí bẹ́ẹ̀. Ó ní ìró kọ́ ni wọ́n ń ró níbẹ̀, síkẹ́ẹ̀tì ni. Ó ní òun kò sì ní kó ọmọ tí ọwọ́ rẹ̀ kò lè ṣe nǹkan kan dé ilé òun, nítorí náà kí n fi ọwọ́ ara mi rán tèmi. Ó fi ẹfun ya bí wọ́n ṣe ń ṣe é sára pátákó, ó sì jẹ́ kí n máa wò ó títí ó fi wọ̀ mí lórí.

Mo fẹ́ lọ. N kò fẹ́ nǹkan kan bẹ́ẹ̀ rí láyé. Mo ti rí ara mi tí mo dúró níwájú pátákó, tí ẹfun wà lọ́wọ́ mi, tí àwọn ọmọ ń pè mí ní tíṣà.

Nígbà tí mo gbé ọ̀rọ̀ náà dé ilé, ìyáálé ló kọ́kọ́ la ẹnu. "Síkẹ́ẹ̀tì? Lórí afárá?" Ó pàtẹ́wọ́. "Ẹ wá wo agboòrùn tí yóò máa rìn! Gbogbo ọkọ̀ abúlé yìí ni yóò dúró lábẹ́ rẹ̀ bí ẹni tó ń sá fún òjò."

Bàbá mi ló kù tí yóò sọ̀rọ̀. Ẹni tí kì í yí ọ̀rọ̀ rẹ̀ padà ni, ohun tó fi ń yangàn nìyẹn, ó sì máa ń pẹ́ kó tó sọ̀rọ̀ kí ó má bàa sọ èyí tí kò ní lè yí. Nígbà tó ṣe, ó ní, "Lọ rán an. Ọjọ́ Ìsinmi tó ń bọ̀, wọ̀ ọ́, kí o gba afárá gígùn lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì. Bí afẹ́fẹ́ kò bá gbé e, bá ìyàwó tíṣà lọ. Bí afẹ́fẹ́ bá gbé e, tí o dójú tì mí, Awoye ni o ń lọ, sọ́dọ̀ ẹ̀gbọ́n mi obìnrin. Kí o lọ máa bá a yan ẹja."

Ìgbà tí afẹ́fẹ́ òkun ń jà kíkan kíkan ni ó sọ bẹ́ẹ̀. Gbogbo wa ló mọ̀. Ìyáálé rẹ́rìn-ín músẹ́, ó sì wọ inú yàrá rẹ̀ lọ.

Oníṣòwò Mùsùlùmí kan wà tó máa ń fi ọkọ̀ gbé aṣọ kiri àwọn abúlé wa, ọkùnrin jẹ́jẹ́ tó máa ń so ọkọ̀ rẹ̀ mọ́ òpó ilé wa láti kírun. Edé gbígbẹ ni ìyá mi fi gba aṣọ lọ́wọ́ rẹ̀, pópílíìnì aláwọ̀ aró, tó mọ́ tó sì fúyẹ́. Bí ó ti fúyẹ́ yẹn ló kọ́kọ́ bà mí lẹ́rù. Mo gbé e sókè sí ojú fèrèsé, ó sì fò bí ẹni pé ó ti ń retí mi.

Àlùmọ́gàjí kan ṣoṣo ló wà nílé wa, ti ìyáálé sì ni. Mo kúnlẹ̀, mo ní, "Ẹ jọ̀ọ́ mà, ẹ yá mi ní àlùmọ́gàjí yín."

Kò wò mí. Ó ní, "Àlùmọ́gàjí mi kì í gé aṣọ ìtìjú."

Ọ̀bẹ tí a fi ń la ẹja ni mo mú. Ẹ̀yin tí ẹ ń kọ́ iṣẹ́ yìí, ẹ gbọ́ èyí, nítorí ó wúlò: pópílíìnì kò nílò àlùmọ́gàjí. Fi ọ̀bẹ là á díẹ̀ létí, kí o di ẹ̀gbẹ́ méjèèjì mú, kí o fà á ya. Á ya gbọọrọ, á tọ ojú òwú tí wọ́n fi hun ún lọ títí dé òpin. Àlùmọ́gàjí ìyáálé kì bá gé e tọ́ tó bẹ́ẹ̀. Mi ò dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀ fún un.

Mo wọn ara mi láti ìbàdí dé ìsàlẹ̀ orúnkún, mo fi fífẹ̀ ọwọ́ kan kún un fún etí tí n ó ṣẹ́. Mo ya aṣọ náà sí ọ̀nà méjì, mo so ẹ̀gbẹ́ wọn pọ̀, mo fi ibi kékeré kan sílẹ̀ láìrán lókè ẹ̀gbẹ́ òsì kí ìbàdí lè ráyè wọlé. Títí dé ibẹ̀, mo ṣe dáadáa. Ibi tí a ti ń kó ẹnu aṣọ jọ ni ìyà ti jẹ mí.

Aṣọ tó máa ṣí nísàlẹ̀ gbọ́dọ̀ fẹ̀ ju ìbàdí lọ lọ́pọ̀lọpọ̀. Nítorí náà, o máa fi òwú rán ẹnu rẹ̀ lọ, o máa fa òwú náà, aṣọ á sì sún jọ lé e lórí títí á fi kéré tó ìbàdí rẹ. Ìyàwó tíṣà ti sọ bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ọmọ aláwọ̀n ni mí. Láti ìgbà tí mo ti lè jókòó ni mo ti ń bá ìyá mi hun àwọ̀n, wọ́n sì ti nà mí torí kókó tí mi ò ta dáadáa, nítorí kókó kan tó bá yọ̀ ni ẹja á gbà jáde. Ọwọ́ mi kò mọ bí a ṣe ń rán nǹkan láìta kókó. Mo gún abẹ́rẹ́, mo ta kókó. Mo gún un, mo ta kókó. Mo ṣe é bẹ́ẹ̀ yí ẹnu aṣọ náà ká, inú mi ń dùn pé ó le. Nígbà tí mo wá di òwú mú láti fà á, kò mira. Mo fà á títí ìka mi fi ṣẹ̀jẹ̀.

Ìyá mi rí i, ó fi ọwọ́ bo ẹnu, ẹ̀rín ń gbọ̀n ọ́n. Ìyáálé ní tirẹ̀ kò fi ọwọ́ bo nǹkan kan. "Ṣé ẹja ni ọma yẹn fẹ́ fi mú ní Òkìtìpupa ni?" ó wí. "Ẹ bá mi bi í bóyá ọ̀bọ̀kún ló fẹ́ tàbí ẹja òkun."

Ẹ̀gún ẹja ni mo fi tú kókó wọ̀nyẹn, ọ̀kọ̀ọ̀kan, mo ń ṣépè fún ìyáálé lábẹ́ ahọ́n. Ìyá mi jókòó tì mí. Ó fa àwọ̀n bàbá mi kan wá, ó fi okùn òkè rẹ̀ hàn mí. Ó ní, "Wò ó. Àwọ̀n tí a bá nà tán lórí okùn kì í mú ẹja. Ó gbọ́dọ̀ pọ̀ ju okùn lọ, kí ó lè máa mí. Bẹ́ẹ̀ náà ni aṣọ yìí. Kọ́kọ́ jẹ́ kí ó máa yọ̀ lórí òwú. Ìgbà tí ó bá jókòó síbi tí o fẹ́ tán, kí o tó ta kókó." Mo ṣe bẹ́ẹ̀, aṣọ náà sì sún jọ wẹ́rẹ́. Mo rán ọ̀já mọ́ ọn, mo fi bọ́tìnì kan sí i. Ó wá di síkẹ́ẹ̀tì.

Mo wọ̀ ọ́, mo jáde sí iwájú ilé. Afẹ́fẹ́ kan ṣoṣo ni. Ó gba ìsàlẹ̀ wọlé, ó gbé gbogbo rẹ̀ bò mí lójú, mi ò rí nǹkan kan mọ́ bí kò ṣe aró. Mo gbọ́ ìyáálé lẹ́yìn mi tó ń kọrin agboòrùn, ó ń fi ọwọ́ lu ògiri sí i. Mo sá wọlé. Ẹkún ìbínú ni mo sun, mo fi àyà dé ilẹ̀, mo ń gbá pákó ilé títí àwọn tó wà nínú ọkọ̀ nísàlẹ̀ fi ké pé kí ló dé.

Ibi tí mo dùbúlẹ̀ sí yẹn ni mo ti rí àwọ̀n lẹ́ẹ̀kan sí i. Ìyá mi kò tíì ká a. Mo wo ẹsẹ̀ àwọ̀n náà, ibi tí wọ́n so òjé wúwo mọ́. Odò wa ń ṣàn, ó lágbára, síbẹ̀ àwọ̀n kì í fò sókè nínú omi. Òjé ló ń dì í mú lẹ́sẹ̀. Mo dìde jókòó. Ẹkún gbẹ lójú mi.

Mi ò lè fọwọ́ kan àwọ̀n bàbá mi. Ṣùgbọ́n àwọ̀n àtijọ́ kan wà lẹ́yìn ilé, ti ìyáálé, tí ìyá rẹ̀ fi sílẹ̀ fún un, tó ti já tí wọ́n fi kọ́ sórí igi. Mo lọ síbẹ̀, mo ń fi eyín já òjé ara rẹ̀ nígbà tí mo gbọ́ ẹsẹ̀ ìyáálé tó ń wọ́ bọ̀.

"Olè!" ó wí. "Olè ọma olè! Àwọ̀n tí ìye mi fi sílẹ̀ fún mi ni o ń bọ́ ẹran ara rẹ̀ jẹ?"

Mo ní, "Ẹ ò lò ó mọ́."

"Ta ló bi ọ́ bóyá mò ń lò ó?" Ó gbá mi létí. Ó wo òjé tó wà ní àtẹ́lẹwọ́ mi, ó wo síkẹ́ẹ̀tì tó wà ní apá mi, ó tún wo òjé. Mo rí i tí ọ̀rọ̀ náà yé e. Mo rò pé á jù ú sómi. Ṣùgbọ́n ó fa àwọ̀n náà lu ilẹ̀ lẹ́sẹ̀ mi, ó ní, "Kó o! Kó gbogbo rẹ̀! Lọ rán an mọ́ ìdí rẹ. Bí o bá wá já sómi, kí ó tètè gbé ọ dé ìsàlẹ̀." Ó yí padà, ó wọ́ ẹsẹ̀ rẹ̀ lọ.

Èpè ni. Ṣùgbọ́n mo kó òjé náà.

Ìyá mi ló bá mi ṣẹ́ etí aṣọ náà. Èmi ń to òjé sínú ìṣẹ́tí ní àlàfo àlàfo, òun ń rán ẹnu rẹ̀ pa, ó ń ta kókó sí ẹ̀gbẹ́ òjé kọ̀ọ̀kan kí wọ́n má bàa rọ́ jọ síbì kan. Kókó tirẹ̀ kì í tú. Bí ó ti ń rán an, ó bi mí, "Ṣé ọkọ̀ ojú omi ń dé Òkìtìpupa yẹn?"

Mo ní, "Ó ń dé ibì kan. Lẹ́yìn náà, wọ́n á wọ mọ́tò."

"Ìgbà wo ni wọ́n máa ń jẹ́ kí ọma wá ulé?"

"Kérésìmesì."

"Kérésìmesì nìkan?"

Mo ń fi ìgbéraga sọ̀rọ̀. Mo ní, "Ìyàwó tíṣà ní àwọn mìíràn kì í tilẹ̀ wá. Ó ní ọmọ tó bá fẹ́ ṣe rere kì í máa ronú ilé."

Ìyá mi fi òwú sẹ́nu láti já a, ó sì pẹ́ tó fi wà níbẹ̀. Mo rò pé òwú náà ló le.

Ọjọ́ Ìsinmi dé. Bàbá mi ló ń lu agogo ṣọ́ọ̀ṣì, nítorí náà ó ti lọ tipẹ́. Àwọn ọmọkùnrin bá a lọ. Ìyáálé kì í gba orí afárá nítorí ẹsẹ̀ rẹ̀, ọkọ̀ ni ìyá mi máa ń fi gbé e lọ. Ọjọ́ náà, ó fara balẹ̀ di irun rẹ̀, ó fara balẹ̀ fi òróró pa ara, ó dá wa dúró títí àwọn ará abúlé fi kọjá tán tí orí afárá dá. Mo mọ̀ pé ó mọ̀ọ́mọ̀ ni. Ó fẹ́ kí ọkọ̀ òun nìkan wà lábẹ́ mi, kí ohunkóhun má dí i lójú. Nígbà tí mo gun orí afárá, ìyá mi gbé àjẹ̀, ó ń wa ọkọ̀ náà tẹ̀lé mi nísàlẹ̀, ẹsẹ̀ mi àti àjẹ̀ rẹ̀ jọ ń lọ. Mo gba àlàfo pákó wo ìsàlẹ̀. Ojú méjèèjì gbé sókè, wọ́n ń wò mí.

Ibi tí afárá ti fi ilé sílẹ̀ tó dojú kọ òkun ni afẹ́fẹ́ ti wá bá mi. Ó dé pẹ̀lú gbogbo agbára rẹ̀. Ó gba ìborí lórí mi, mo rí i tó fò lọ bọ́ sínú omi. Ó fẹ́ ẹ̀wù mi wú. Ó tì mí dé etí pákó tí mo fi di òpó mú. Mo di ojú mi, mo ń retí kí aró bò mí lójú bíi tọjọ́ náà. Kò bò mí. Síkẹ́ẹ̀tì náà wúwo, ó ń fì síwá sẹ́yìn, òjé ń gbá mi lójúgun kọ́, kọ́, kọ́, ṣùgbọ́n kò kọjá orúnkún. Mo la ojú. Mo jọ̀wọ́ òpó. Mo rìn ní àárín afárá yẹn, mi ò fi ọwọ́ di nǹkan kan mú, mo sì ń rẹ́rìn-ín sókè. Nígbà tí mo dé ẹnu ọ̀nà ṣọ́ọ̀ṣì, mo bojú wo ìyáálé nínú ọkọ̀. Ẹnu rẹ̀ pa dé. Inú mi dùn débi pé n kò ráyè wo ojú ìyá mi.

Mo kọrin lọ́jọ́ náà ju àwọn akọrin lọ. Ìyàwó tíṣà fa etí aṣọ mi wò, ó mọ bí ó ti wúwo, ó sì mi orí pé ó dára. Ó ní ọkọ̀ àwọn á gbéra ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun.

Kí a tó jẹun lọ́sàn-án, bàbá mi jókòó sí ẹnu ọ̀nà, ó pe gbogbo wa. Ìyáálé ló kọ́kọ́ bi, gẹ́gẹ́ bí ipò rẹ̀. "O wà lábẹ́ rẹ̀. Kí ni o rí?"

Ìyáálé tutọ́ sómi. Ó ní, "Ẹ mọ̀ pé mi ò fẹ́ràn ọma yìí. Mo gbé ojú mi sókè láti ìbẹ̀rẹ̀ afárá dé òpin rẹ̀, ọrùn ń dùn mí títí di ìsinsìnyí. Ohun tí mò ń retí, mi ò rí i. Afẹ́fẹ́ kò gbé e."

Ẹnu yà mí. Mi ò tíì gbọ́ kí ó sọ ohun tó dára nípa mi rí.

Bàbá mi yíjú sí ìyá mi. "Ìwọ ńkọ́?"

Ìyá mi ń ro pupurú lórí iná. Kò fi ọmọrogùn sílẹ̀. Ó ní, "Afẹ́fẹ́ gbé e."

Mo rò pé n kò gbọ́ dáadáa.

"Ó gbé e dé itan," ìyá mi wí. "Ní ibi tó dojú kọ òkun. Mo rí i."

Mo figbe ta. Mo ní irọ́ ni. Mo fa síkẹ́ẹ̀tì sókè díẹ̀, mo fi ojúgun mi hàn wọ́n, ibi tí òjé ti lù mí tó ti wú. Bàbá mi ní kí n dákẹ́. Ó ní, "Ẹni tó wọ aṣọ kì í rí ẹ̀yìn ara rẹ̀. Aṣọ tó bá sì ń lu èèyàn lẹ́sẹ̀ kò dúró sójú kan nìyẹn."

Ìyáálé ti dìde. "Ìyàwó," ó wí fún ìyá mi, "kí ni o sọ yẹn?"

Ìyá mi ń ro pupurú rẹ̀ lọ.

Bàbá mi na ọwọ́ sí ìyáálé. "Jókòó. O ti ń wá bí ọma náà yóò ṣe kúrò ní ulé yìí lọ síbi tó jìnnà, ìdí nìyẹn tí o fi ní kò gbé. Ṣùgbọ́n ìye wo ni yóò tú aṣọ lára ọma tirẹ̀ lójú gbogbo èèyàn, bí kò bá jẹ́ òótọ́?" Ó dìde. "Awoye," ó wí, ọ̀rọ̀ sì parí. Kò yí i padà títí ó fi kú.

Wọ́n ti di ẹrù mi kí ọjọ́ Ìṣẹ́gun tó dé. Mo jókòó sí ẹnu ọ̀nà, mo fi ọ̀bẹ la etí síkẹ́ẹ̀tì náà, mo yọ òjé inú rẹ̀ jáde. Ìyá mi ń wò mí. Mo kó òjé náà lọ sí ẹnu yàrá ìyáálé, mo kúnlẹ̀, mo kó wọn sílẹ̀ níwájú rẹ̀.

Ó wò wọ́n. Ó ní, "Mo ṣì kórìíra rẹ."

Mo ní, "Èmi náà, mà."

Ó ní, "Ó dáa," ó sì kó wọn sínú igbá.

Síkẹ́ẹ̀tì náà, mo kọ́ ọ sórí okùn iwájú ilé, mo sì fi í sílẹ̀ níbẹ̀ fún ẹni tó bá wù. Nígbà tí mo wọnú ọkọ̀, afẹ́fẹ́ ti gbé e sókè pátápátá. Ìyá mi sọ̀ kalẹ̀ láti orí àkàbà, ó di etí ọkọ̀ mú kí wọ́n má tíì gbéra. Mo yíjú sí ibòmíràn. Ó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ dé etí mi, ó ní, "Awoye ò jìnnà. Bí mo bá gbé àjẹ̀ láàárọ̀, n ó ti dé ọ̀dọ̀ rẹ kí oúnjẹ ọ̀sán tó jinná."

Ibẹ̀ ni ìdí tó fi ní afẹ́fẹ́ gbé e ti yé mi. Mo bínú sí i lọ́jọ́ náà, mo sì ń bínú sí i lónìí, bó tilẹ̀ jẹ́ pé èmi ni mo sin ín.

Ó ń wá lóòótọ́. Gbogbo ìgbà tí omi bá dára ló ń wá. Á so ọkọ̀ rẹ̀ mọ́ òpó ilé ẹ̀gbọ́n bàbá mi, á gbé pupurú àti àgbọn lé orí àkàbà, á sì jókòó sínú ọkọ̀ lábẹ́ ibi tí mo ti ń yan ẹja. Ìró ni mo ń ró nígbà yẹn. Á máa bá mi sọ̀rọ̀ láti ìsàlẹ̀, nípa ilé, nípa àwọ̀n, nípa ohun tí ìyáálé tún sọ, títí omi á fi bẹ̀rẹ̀ sí í fà. Gbogbo ọdún tó fi ń wá, kò gbé ojú sókè wò mí rí.